Ta Ni Ojú Yóò Tì? Ọ̀rọ̀ Lórí Òwò Abẹ́ Òkun

Akaka Rẹ́mọ kò sí létí òkun. Ẹni tí ó bá fẹ́ fi ojú ara rẹ̀ rí òkun láti ìlú yìí ní láti sọ̀kalẹ̀ gba Ṣágámù lọ sí Ìkòròdú, kí ó sì la ọ̀sà kọjá sí Èkó, kí ó tó gbọ́ híhó ìgbì. Síbẹ̀ ọmọ Rẹ́mọ tí a bá tọ́ sọ́dọ̀ àgbà kì í ṣàì gbọ́ nípa Olókun: bí ó ti tẹ́ ààfin rẹ̀ sí ìsàlẹ̀ omi, bí ọrọ̀ ti kún inú àká rẹ̀, àti bí iyùn àti owó ẹyọ ti ń ti ọ̀dọ̀ rẹ̀ jáde wá sí ọjà àwọn ènìyàn. Kì í ṣe àwa nìkan ni a jìnnà sí òkun tí a sì ń sọ ọ̀rọ̀ rẹ̀. Ilé-Ifẹ̀ jìnnà sí i jù wá lọ, síbẹ̀ Igbó Olókun wà níbẹ̀, níbi tí àwọn awalẹ̀pìtàn ti rí i pé àwọn ará Ifẹ̀ ìgbàanì ń fi ọwọ́ ara wọn ṣe ìlẹ̀kẹ̀ onígíláàsì.

Ohun kan wà nínú ìtàn wọ̀nyí tí a fẹ́ kí òǹkàwé wa kíyè sí. Àwọn baba wa kò jẹ́ kí ọrọ̀ abẹ́ òkun wà láìní olówó. Wọ́n fún un ní ẹni tí ó ni ín, ẹni náà sì ní ojú, ó ní etí, ó ní inú tí ó lè bàjẹ́. Bí Olókun bá bínú, a lè tù ú. Bí ó bá ṣẹ̀ wá, a lè kígbe sí i. Ní ayé òde òní, òwò ń lọ ní ìsàlẹ̀ òkun ju bí àwọn arọ́tàn ti rò ó lọ, àwọn tí wọ́n sì ń ṣe é kì í ṣe ẹnì kan tí a lè dárúkọ, bí kò ṣe ẹgbẹ́ oníṣòwò tí a ń pè ní kọ́ńpìnnì. Ìbéèrè wa ni èyí: bí irú ẹgbẹ́ bẹ́ẹ̀ bá ṣe ènìyàn ní ibi, ta ni ojú yóò tì?

A kò ṣe àwàdà nígbà tí a bi í báyìí. Ẹ wo èdè wa. Nígbà tí ọkàn Yorùbá bá dá a lẹ́bi níwájú àwọn ẹlòmíràn, kì í sọ pé orí tì òun tàbí pé àyà tì òun. Ojú ni ó ń tì í. Ojú náà ni ọ̀rọ̀ wà, gẹ́gẹ́ bí àwọn àgbà ti wí. A máa ń fi ọ̀pọ̀ ọ̀rọ̀ pa mọ́ títí a ó fi fojú kan ẹni tí ó kàn, nítorí a mọ̀ pé nígbà tí ojú bá pàdé ojú, irọ́ a máa ṣòro pa, ìkà a sì máa ṣòro ṣe. Ǹjẹ́ ohun tí kò ní ojú rárá, kí ni yóò tì?

Òwò abẹ́ òkun tí ó kọ́kọ́ kan àwọn baba wa ni òwò owó ẹyọ. Ìkarahun ẹran òkun kékeré kan ni. Ní erékùṣù Maldives, nínú òkun Íńdíà, ni a ti ń kó èyí tí ó kéré tí ó sì ń dán, ọkọ̀ àwọn aláwọ̀ funfun a sì máa gbé e wá sí etíkun wa. Ẹgbàá mẹ́wàá rẹ̀, èyí tí í ṣe 20,000, ni ọ̀kẹ́ kan. Òun ni a fi ń san owó bodè, òun ni a fi ń fẹ́ ìyàwó, òun ni a fi ń sìnkú. Ní nǹkan bí 1845, àwọn oníṣòwò ará Hamburg ní ilẹ̀ Jámánì rí i pé irú rẹ̀ mìíràn pọ̀ ní etíkun Ìlà-Oòrùn Áfíríkà, lọ́nà Zanzibar, ó tóbi ju ti Maldives, owó pọ́ọ́kú ni a sì fi ń rà á. Hertz ni ó bẹ̀rẹ̀. Lẹ́yìn rẹ̀ ni ilé-iṣẹ́ O'Swald gba òwò náà mú, wọ́n sì ń fi ọkọ̀ kó o wá sí Èkó ní ìwọ̀n tí a kò rí irú rẹ̀ rí, wọ́n ń fi í ra epo pupa.

Ohun tí ó tẹ̀ lé e kò ṣòro láti mọ̀. Owó pọ̀ títí, iye rẹ̀ sì wálẹ̀. Ká ní bàbá kan ní Rẹ́mọ ti fi ogún ọdún kó ọ̀kẹ́ mẹ́wàá jọ, tí ó sì rì í mọ́lẹ̀ nínú ìkòkò fún ọjọ́ ogbó rẹ̀. Ó gbẹ́ ìkòkò náà, ó ka owó rẹ̀, ó pé. Kò sí olè tí ó dé ibẹ̀. Ṣùgbọ́n nígbà tí ó gbé e dé ọjà, ohun tí ì bá rà ní ogún ọdún sẹ́yìn kò ṣeé rà mọ́. Ta ni ó jà á lólè? Ará Hamburg náà kò mọ̀ ọ́n rí. Ó ra ìkarahun lọ́wọ́ ẹni tí ó fẹ́ tà, ó sì fi ra epo lọ́wọ́ ẹni tí ó fẹ́ tà. Àwọn kan yóò wí pé kò ṣẹ̀ ẹnikẹ́ni. Àwa gbà bẹ́ẹ̀ ní ti ọkọ̀ àkọ́kọ́, bóyá ní ti ìkejì pẹ̀lú. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó rí i lọ́dọọdún nínú ìwé ìṣirò rẹ̀ pé iye owó àwọn ènìyàn kan ń yìnrìn nítorí ẹrù tí òun ń kó wá, tí ó sì tún ń fi kún ẹrù náà, ẹni bẹ́ẹ̀ ti mọ̀. Láti ìgbà tí ó ti mọ̀ ni ọ̀ràn náà ti di tirẹ̀. Ìwé ìṣirò náà, ẹ̀wẹ̀, wà ní Hamburg, ìkòkò bàbá wà ní Rẹ́mọ, òkun sì wà láàárín wọn. Ojú méjèèjì kò pàdé títí òwò náà fi parí.

Ní ilẹ̀ wa nígbà náà, gbèsè kò ṣeé fi òkun bò bẹ́ẹ̀. Bí onígbèsè bá kọ̀ tí kò san, ẹni tí ó yá a lówó lè rán ológò sí i. Samuel Johnson kọ nípa wọn nínú ìwé ìtàn Yorùbá rẹ̀ tí a tẹ̀ jáde ní 1921. Ológò yóò wọ ilé onígbèsè, yóò jókòó tì í, yóò máa pariwo, yóò máa mú ohun tí ọwọ́ rẹ̀ bá bà, títí ìdílé yóò fi dá owó náà jọ. A tilẹ̀ ń mú ará ìlú kan lójú ọ̀nà nítorí gbèsè ará ìlú rẹ̀ mìíràn. Ìwà ipá ni, a kò sì fẹ́ kí ó padà wá. Ọ̀pọ̀ aláìṣẹ̀ ni ó jìyà rẹ̀. Ṣùgbọ́n ìpìlẹ̀ kan wà lábẹ́ rẹ̀ tí kò yẹ kí a gbé sọnù pẹ̀lú rẹ̀: wọ́n gbà pé kò sí gbèsè tí kò ní ilé tí a lè bá a lọ. Bákan náà ni àwọn oníbodè Ìjẹ̀bú àti Rẹ́mọ, tí àwọn èrò òkè kórìíra tó bẹ́ẹ̀. Oníbodè a máa fi agbára gbowó, ṣùgbọ́n a mọ ilé rẹ̀, a mọ baba rẹ̀, a mọ ọjọ́ tí yóò wá sí ọjà. A lè wọ́ ọ lọ síwájú àwọn Òṣùgbó. Ní 1894 ni Akarigbo fi Rẹ́mọ sí abẹ́ ààbò ìjọba Gẹ̀ẹ́sì, ọjọ́ àwọn oníbodè sì ń lọ sópin.

Oníbodè mìíràn ti wọlé ṣáájú ìgbà náà. Ní 1886 ni okùn wáyà kan gba ìsàlẹ̀ òkun dé Èkó, ti African Direct Telegraph Company, ọ̀kan nínú àwọn kọ́ńpìnnì ọ̀gbẹ́ni John Pender. Ó ti Bathurst wá, ó gba Freetown àti Accra, ó sì ń lọ sí Brass àti Bonny. Iye tí Liverpool ń ra epo, tí ọkọ̀ ń fi ọ̀sẹ̀ púpọ̀ gbé wá tẹ́lẹ̀, wá ń dé Èkó ní ọjọ́ díẹ̀, nígbà mìíràn ní ọjọ́ kan náà. Ṣùgbọ́n owó ọ̀rọ̀ kọ̀ọ̀kan wọ́n gidigidi, ẹni tí apá rẹ̀ ká a ni ó ń gbọ́. Obìnrin tí ó ru epo láti oko Rẹ́mọ lọ sí etí ọ̀sà ń dúnàá-dúrà pẹ̀lú ẹni tí ó ti mọ òpin ọ̀rọ̀ náà kí ó tó jí. Bẹ́ẹ̀ sì ni a kò gbọdọ̀ gbàgbé ohun tí a fi bo irin inú okùn náà kí omi má bàa wọ̀ ọ́. Oje igi kan ni, tí a ń pè ní gutta-percha, tí ó ń hù ní Malaya àti Borneo. Gígé ni wọ́n ń gé igi náà lulẹ̀ kí wọ́n tó gba oje rẹ̀, títí ó fi di ohun àwátì ní ọ̀pọ̀ igbó. Àwọn tí ó gé e kò mọ Èkó, Èkó kò sì mọ̀ wọ́n.

A kò sọ èyí láti ba iṣẹ́ náà jẹ́. Ẹni tí ó bá rò pé ìdílé kan tàbí ìlú kan ì bá dá okùn bẹ́ẹ̀ tẹ́ kò mọ iye tí iṣẹ́ náà ń jẹ. Èésú wa dára fún títún ilé kọ́, àárọ̀ wa dára fún oko ríro, ṣùgbọ́n kò sí èésú kan ní Rẹ́mọ tí ó lè tẹ́ okùn tí ó gùn tó 7,000 kìlómítà láti ilẹ̀ Portugal dé Èkó, bí kọ́ńpìnnì MainOne ti ṣe ní 2010. Ọgbọ́n tí ó mú kí ó ṣeé ṣe ni èyí tí òfin Gẹ̀ẹ́sì fi ìdí rẹ̀ múlẹ̀ ní 1855, pé ẹni tí ó bá fi owó sínú kọ́ńpìnnì kò ní pàdánù ju iye tí ó fi sí i lọ. Ní 1896, nínú ẹjọ́ Salomon tí í ṣe aránbàtà ní London, àwọn adájọ́ àgbà sọ ọ́ gbangba pé kọ́ńpìnnì jẹ́ ẹni ọ̀tọ̀, kì í ṣe ẹni tí ó dá a sílẹ̀. Òfin ti fún un ní orúkọ, ó fún un ní ẹnu láti fi pe ẹjọ́, ó fún un ní ọwọ́ láti fi gba owó. Ojú nìkan ni kò fún un.

Ẹ wo bí orúkọ rẹ̀ pàápàá ti ń yí. Ní 1929 ni àwọn kọ́ńpìnnì wáyà abẹ́ òkun náà papọ̀ mọ́ àwọn mìíràn; ní 1934 ni wọ́n gba orúkọ Cable & Wireless. Ní ọdún 1929 kan náà ni Niger Company, tí ó ti bọ́ sọ́wọ́ Lever Brothers ní 1920, wọ inú ẹgbẹ́ titun tí a ń pè ní United Africa Company. Bí Òjó bá sọ ara rẹ̀ di Àjàyí, gbogbo àdúgbò mọ̀ pé Òjó náà ni. Òfin lè mú kí gbèsè owó tẹ̀ lé kọ́ńpìnnì wọ inú orúkọ rẹ̀ titun. Ẹ̀bi kì í sábà tẹ̀ lé e. Ikú rẹ̀ pẹ̀lú yàtọ̀ sí ikú ènìyàn. Nautilus Minerals gba àṣẹ ní 2011 láti wa bàbà àti wúrà ní ìsàlẹ̀ òkun Papua New Guinea, ìjọba ibẹ̀ sì fi owó ara rẹ̀ sí i. Ní 2019 kọ́ńpìnnì náà wọ gbèsè, ó sì túká láìwa ohun tí ó fẹ́ wà. Kò sí ibojì tí a lè tọ́ka sí, kò sì sí àrólé tí a lè pè.

Níbo wá ni ìbínú àwọn tí a ṣẹ̀ ń lọ? Ibi tí ojú bá wà ni. Royal Niger Company gba ìwé àṣẹ ọbabìnrin ní 1886, ó sì fi owó orí ọjà àti ìwé ìyọ̀ǹda dí ọ̀nà òwò mọ́ àwọn Nembe ní ojú omi tí àwọn baba wọn ti ń tù. Ní ọjọ́ 29 oṣù January 1895, ọba wọn, Koko, kó ọkọ̀ ogun lọ sí Akassa, wọ́n sì kọlu ibùdó kọ́ńpìnnì náà ní òwúrọ̀. Àwọn wo ni wọ́n pa? Àwọn òṣìṣẹ́ ni, ọ̀pọ̀ nínú wọn jẹ́ alágbàṣe tí ó wá láti etíkun mìíràn láti jẹun. Goldie tí ó gbé òfin náà kalẹ̀ kò sí níbẹ̀. Kò sí ọ̀kan nínú àwọn olùdarí tí ẹ̀jẹ̀ kàn ní aṣọ. Ní oṣù tí ó tẹ̀ lé e ni àwọn ọmọ ogun Gẹ̀ẹ́sì lọ jó ìlú Nembe. Nígbà tí a sì gba ìwé àṣẹ lọ́wọ́ kọ́ńpìnnì náà ní ìbẹ̀rẹ̀ 1900, ìjọba san £865,000 fún un. Alágbàṣe kú, ìlú jó, kọ́ńpìnnì gbowó.

Ohun tí ó ṣẹlẹ̀ ní ọjọ́ 14 oṣù March 2024 kò ní ẹ̀jẹ̀ nínú, a dúpẹ́. Ṣùgbọ́n ọ̀nà kan náà ni ó gbà. Okùn mẹ́rin, WACS, MainOne, ACE àti SAT-3, já ní ìsàlẹ̀ òkun lẹ́bàá Abidjan. Ó dà bí ẹni pé ilẹ̀ abẹ́ òkun ni ó yẹ̀. A kò lè bá ènìyàn wí nítorí bẹ́ẹ̀. Ní Nàìjíríà, iṣẹ́ ọ̀pọ̀ ilé ìfowópamọ́ dojú rú. Ká ní oníṣòwò kan ní Kano ti ra obì ní Rẹ́mọ, tí ó sì fi owó rẹ̀ ránṣẹ́ lórí fóònù ní ọjọ́ náà: owó kúrò níbì kan, kò sì dé ibì kejì. Obìnrin tí ó ni obì kò lè lọ sí Abidjan. Kò mọ ibi tí ọ́fíìsì àwọn olókùn wà. Ọ̀dọ̀ ọmọkùnrin tí ó jókòó sábẹ́ agbòòrùn pẹ̀lú ẹ̀rọ P.O.S. ni ó ń lọ, òun ni yóò pè ní olè, òun ni yóò di ọrùn ẹ̀wù rẹ̀ mú. Ọmọ náà kò mọ̀ ju tirẹ̀ lọ. Owó ọjọ́ kan rẹ̀ kò tó nǹkan. Ṣùgbọ́n òun ni ó ní ojú, nítorí náà ojú rẹ̀ ni ó tì.

Àìṣòdodo tí a rí nínú ọ̀ràn yìí nìyí, àwa kò sì kà á sí kékeré: èrè ń gòkè lọ sọ́dọ̀ àwọn tí a kò lè rí, ìtìjú sì ń sọ̀kalẹ̀ wá sórí ẹni tí ó kéré jù lọ tí a lè rí. Kì í ṣe pé ẹnì kan pète rẹ̀ bẹ́ẹ̀. Bí omi ti ń wá ibi ìsàlẹ̀ ni ẹ̀bi ń wá ojú tí ó súnmọ́ ọn.

Ẹnì kan lè dá wa lóhùn pé kí ni ojú fẹ́ ṣe nínú ọ̀ràn ńlá, pé òfin ni ó tọ́, àti pé ìtìjú kì í san gbèsè. Kí a tó fèsì, ẹ jẹ́ kí a rántí ẹni tí wọ́n fi orúkọ rẹ̀ sọ ọ̀kan nínú àwọn okùn titun. Google tẹ́ okùn kan láti Portugal lọ sí Gúúsù Áfíríkà, ó gúnlẹ̀ ní Èkó ní oṣù April 2022, Equiano ni wọ́n pe é. Olaudah Equiano kọ ìwé nípa ayé ara rẹ̀ tí ó jáde ní 1789. Nínú rẹ̀ ni ó ti sọ pé ọmọ ilẹ̀ Ìgbò ni òun, pé a jí òun gbé, a sì rù òun kọjá òkun ní ẹrú. Ilé là ń wò kí a tó sọ ọmọ lórúkọ. Bóyá wọ́n wo ilé náà dáadáa, bóyá wọn kò wò ó. Ohun tí ó wú wa lórí ni bí ó ti gba òmìnira. Ó fi tọ́rọ́ kan ra ife gíláàsì ní erékùṣù kan, ó tà á ní sísì ní òmíràn, bẹ́ẹ̀ ni ó ń ṣe títí owó rẹ̀ fi tó. Ní 1766 ó gbé owó náà lọ bá ọ̀gá rẹ̀, Robert King, tí ó ti ṣèlérí pé bí ó bá mú owó náà wá òun yóò dá a sílẹ̀. Ẹnu ya King; kò rò pé yóò yá tó bẹ́ẹ̀, ó sì wí pé òun kì bá má ti ṣe ìlérí náà. Ṣùgbọ́n ọ̀gá ọkọ̀ wà níbẹ̀, ó ń wò ó, ó sì rán an létí ohun tí ó sọ. King kò lè yẹ ọ̀rọ̀ rẹ̀ lójú àwọn méjèèjì. Ó buwọ́ lu ìwé.

Kì í ṣe ẹni rere ni King ní ọjọ́ náà. Ojú ni ó tì í, ìyẹn sì tó. Bí ó bá jẹ́ pé kọ́ńpìnnì ni ó ni Equiano, iwájú ta ni ì bá gbé owó náà kalẹ̀ sí? Akọ̀wé kan ì bá sọ fún un pé ọ̀gá tí ó ṣèlérí ti kúrò, pé kí ó kọ lẹ́tà, pé ọ̀rọ̀ náà wà lọ́dọ̀ àwọn tí ó wà lókè.

Nítorí náà ni àwa ṣe rò pé kò tó kí a wí pé kọ́ńpìnnì kò ní ojú kí a sì lọ jókòó. Gbogbo iṣẹ́ rẹ̀ ni ẹnì kan ń ṣe. Ẹni tí a rán níṣẹ́ ẹrú, tí kò sì fi tọmọ jẹ́ ẹ, ti yá kọ́ńpìnnì ní ojú ara rẹ̀ láti fi ṣe ibi; bí ó bá sì fi tọmọ jẹ́ ẹ, ó ti yá a ní ojú láti fi ṣe rere. Akọ̀wé tí ó jáde síta sọ òtítọ́ fún obìnrin olóbì, tí ó sì kọ orúkọ ara rẹ̀ sílẹ̀ fún un, ti ṣe ohun tí àkọlé ńlá ojú ilé kò lè ṣe. Àwọn tí ó ní ìpín nínú èrè kò yọ sílẹ̀, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé òfin ti dá wọn sí ní ti gbèsè. Ẹyẹlé kì í bá onílé jẹ, kí ó bá onílé mu, kí ó wá di ọjọ́ ìpọ́njú kí ó yẹrí. Púpọ̀ nínú wọn kò sì jìnnà sí wa. Láti ìgbà òfin owó ìfẹ̀yìntì ti 2004 ni a ti ń fi owó àwọn òṣìṣẹ́ Nàìjíríà ra ìpín nínú kọ́ńpìnnì oríṣiríṣi. Olùkọ́ ní Ìṣarà tàbí ní Ìpẹrù lè máa jẹ èrè ilé-iṣẹ́ tí kò gbọ́ orúkọ rẹ̀ rí. Kí ni ó jẹ gbèsè rẹ̀? Ó kéré tán, ìbéèrè kan ni: kí ni wọ́n ń fi owó mi ṣe?

Ìbéèrè yẹn kò ṣòro láti bẹ̀rẹ̀ bí ó ti rí tẹ́lẹ̀. Ní oṣù May 2023 ni ilé-iṣẹ́ ìjọba tí ń fi orúkọ kọ́ńpìnnì sílẹ̀ ní Àbújá ṣí ìwé kan tí a kọ orúkọ àwọn ènìyàn gan-an sí, àwọn tí àṣẹ kọ́ńpìnnì wà lọ́wọ́ wọn ní tòótọ́, kì í ṣe orúkọ kọ́ńpìnnì mìíràn. A kò mọ iye ènìyàn tí ó ti yẹ̀ ẹ́ wò láti Akaka. Ẹni tí ó bá ní fóònù lè jókòó sẹ́nu ọ̀nà ilé rẹ̀ kí ó kà á, bí okùn abẹ́ òkun kò bá já ní ọjọ́ náà.